Ọkùnrin Orí Yìnyín Tí Kò Fẹ́ Jókòó

Ọkùnrin kan wà tó ń fi eré orí yìnyín jẹun. Họ́kì ni wọ́n ń pe eré náà. Ìgbẹ́tì ni wọ́n bí i sí, níbi tí àpáta ti ń gbóná lọ́sàn-án tó bẹ́ẹ̀ tí èèyàn kò lè fi ẹsẹ̀ lásán tẹ̀ ẹ́. Àbúrò bàbá rẹ̀ mú un lọ sí ìlú òtútù nígbà tó ṣì kéré, kí ó lè kàwé níbẹ̀. Ó kàwé lóòótọ́. Ṣùgbọ́n adágún omi kan wà lẹ́yìn ilé wọn tó máa ń dì gbagidi nígbà òtútù, àwọn ọmọ àdúgbò a sì máa fi ọ̀pá gbá nǹkan kiri lórí rẹ̀. Ó tẹ̀lé wọn. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ó ṣubú títí ṣòkòtò rẹ̀ fi ya. Lọ́jọ́ kejì, ó wọ ṣòkòtò mìíràn, ó padà lọ.

Jẹ́ kí n ṣàlàyé eré náà fún ọ díẹ̀, nítorí a kì í ṣe é níbí. Yìnyín ni pápá wọn, wọ́n sì fi ògiri kúkúrú yí i ká. Bàtà tí wọ́n ń wọ̀ ní irin tẹ́ẹ́rẹ́ bí abẹ ní ìsàlẹ̀, òun ni wọ́n fi ń yọ̀ lọ. Wọn kì í gbá bọ́ọ̀lù. Rọ́bà dúdú roboto kan ni wọ́n ń fi ọ̀pá gbá, wọ́n sì ń wá bí wọn yóò ṣe gbá a wọ inú àwọ̀n àwọn tí wọ́n ń bá ṣeré. Èèyàn mẹ́fà péré ló ń wà lórí yìnyín fún ikọ̀ kan, aṣọ́lé sì wà nínú wọn. Àwọn yòókù jókòó sórí bẹ́ǹṣì gígùn lẹ́yìn ògiri, wọ́n ń dúró.

Ibi tí mo fẹ́ kí o fetí sí nìyí. Eré náà yá ju gbogbo eré tí o mọ̀ lọ. Ẹni tó bá ń sá a bó ṣe yẹ, agbára rẹ̀ a tán kí ìṣẹ́jú kan tó pé. Bó bá ti tán, onítọ̀hún a sáré lọ sí ẹ̀bá bẹ́ǹṣì, a gba ilẹ̀kùn kékeré kan wọlé, ẹlòmíràn a sì fò bọ́ sórí yìnyín dípò rẹ̀. Eré kì í dúró nítorí ìyẹn. Ẹni tó jókòó a mí, a mu omi, a nu ojú. Láìpẹ́ yóò tún kàn án, òun náà yóò sì tún fò bọ́ síta. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe títí eré yóò fi parí. Òfin kan ló wà níbẹ̀: ẹni tó ń bọ̀ wá jókòó gbọ́dọ̀ dé ẹ̀bá ògiri kí ẹni tó fẹ́ rọ́pò rẹ̀ tó wọlé. Bí àwọn méjèèjì bá wà lórí yìnyín pọ̀, rẹfirí yóò fọn fèrè, gbogbo ikọ̀ ni yóò sì jìyà rẹ̀.

Ọkùnrin yìí pẹ́ kí ó tó dé ibi gíga. Ó gbá fún àwọn ikọ̀ ìlú kéékèèké tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́ orúkọ wọn. Inú bọ́ọ̀sì ni wọ́n máa ń sùn láti ìlú kan dé èkejì, orúnkún ẹnìkan lẹ́yìn orí ẹnìkan. Rọ́bà náà bà á lẹ́nu nígbà kan, eyín iwájú rẹ̀ kan sì bá a lọ. Kò fi ṣe ìbànújẹ́. Bó bá ń rẹ́rìn-ín, àlàfo yẹn a hàn, àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ a sì ní ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí sílẹ̀, kí ẹ̀fúùfù má gba ibẹ̀ wọlé.

Nígbà tó yá, ikọ̀ ńlá kan pè é.

Àwọn agbáhọ́kì ní àṣà kan. Lọ́jọ́ tí ẹnìkan bá kọ́kọ́ fẹ́ gbá fún ikọ̀ ńlá, wọn a ní kí ó ṣáájú àwọn jáde. Wọn a ṣe bí ẹni pé wọ́n ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Wọn kò ní bọ̀. Ọkùnrin náà sáré jáde, ó yí pápá ká, ó bojú wẹ̀yìn, kò rí ẹnì kankan. Òun nìkan ló wà lórí gbogbo yìnyín funfun yẹn, èrò rẹpẹtẹ ń wò ó. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dúró sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń fi ọ̀pá lu ilẹ̀ fún un. Òun náà bú sẹ́rìn-ín. Ayọ̀ ọjọ́ yẹn kò kúrò lára rẹ̀ bọ̀rọ̀.

Ó wá ránṣẹ́ pe ìyá rẹ̀.

Aránṣọ ni ìyá náà ní Ìgbẹ́tì. Láti ìgbà tí ọmọ rẹ̀ ti lọ, ohùn rẹ̀ lórí fóònù ló máa ń gbọ́, ẹ̀ẹ̀kọ̀ọ̀kan ló sì ń fojú kàn án. Kò tíì rí iṣẹ́ tí ọmọ náà ń ṣe rí. Kí ó tó kúrò nílé, ó ti sọ fún gbogbo oníbàárà rẹ̀ àti gbogbo ẹgbẹ́ ìyá ìjọ pé kí wọ́n máa wo Àkànjí òun lórí fóònù wọn. Wọ́n ní àwọn yóò wò ó.

Lọ́jọ́ eré àkọ́kọ́, ó wọ súwẹ́tà mẹ́ta, ó tún fi búláńkẹ́ẹ̀tì bora. Ìyàwó ọmọ rẹ̀ jókòó tì í lókè, láàárín èrò. Ọmọ Yorùbá ni obìnrin náà, ìlú òtútù yẹn ni wọ́n ti bí i, ó sì mọ eré náà dáadáa.

Àkànjí fò bọ́ sórí yìnyín. Ìyá rẹ̀ dìde.

“Òun nìyẹn! Ọmọ mi nìyẹn! Ẹ wo bó ṣe ń yọ̀ bí epo!”

Kó tó padà jókòó, ọmọ náà ti gba ilẹ̀kùn kékeré wọlé, ó ti wà lórí bẹ́ǹṣì.

“Ìyàwó mi, kí ló dé? Ṣé ó fara pa ni?”

“Rárá, Màmá. Ó lọ jókòó ni.”

“Ta ló ní kó jókòó?”

“Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn, Màmá. Ó tún ń jáde bọ̀.”

Ó jáde lóòótọ́. Láìpẹ́, ó tún padà wọlé. Ìyá náà kò pariwo mọ́. Ọkùnrin kan tó wọ kóòtù dúró lẹ́yìn bẹ́ǹṣì, akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn ni. Ìyá náà ń wò ó bí ẹni tó fẹ́ mọ ojú rẹ̀ dáadáa.

Nígbà tí wọ́n délé, tí wọ́n ń jẹun, ó gbé ṣíbí rẹ̀ sílẹ̀.

“Àkànjí, kí lo fi ṣe ọkùnrin oníkóòtù yẹn?”

“Ọkùnrin wo, Màmá?”

“Ẹni tó ń lé ọ kúrò níwájú èrò. O ò tíì rìn síwájú, o ò tíì rìn sẹ́yìn, ó ti ní kí o lọ jókòó. Kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀mejì.”

“Màmá, gbogbo wa la máa ń jókòó.”

“Irọ́ ni. Ẹni tó dúró níwájú àwọ̀n yẹn, ẹni tó di ara rẹ̀ bíi mátíràsì, kò jókòó. Mo ṣọ́ ọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Kí ló fi jù ọ́ lọ?”

“Aṣọ́lé nìyẹn, Màmá. Ojú kan ló ń wà.”

“Àwọn ará ilé ti pè mí. Wọ́n ní ṣé wọ́n ti dá ọ dúró lẹ́nu iṣẹ́ ni. Kí ni kí n sọ fún wọn?”

Ìyàwó rẹ̀ fi ọwọ́ bo ẹnu, ó ń rẹ́rìn-ín. Àkànjí náà rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà wọ̀ ọ́ lára. Ọ̀pọ̀ ọdún ni ìyá yìí fi ń gbọ́ ìròyìn rẹ̀ láìfojú rí i. Kò fẹ́ kí ó jẹ́ pé ìtìjú ni yóò kọ́kọ́ rí.

Nítorí náà, nínú eré tó tẹ̀lé e, nígbà tó tó àkókò láti lọ jókòó, ó ṣe bí ẹni tí kò rí bẹ́ǹṣì. Ó fi díẹ̀ kún un. Ibi tó ti ń rá pálá níwájú àwọ̀n ni rọ́bà náà ti bà á lẹ́sẹ̀, ó sì yí wọlé. Góòlù ni! Òun fúnra rẹ̀ kò mọ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Ìyá rẹ̀ jó títí búláńkẹ́ẹ̀tì fi bọ́ sílẹ̀. Ní Ìgbẹ́tì, wọ́n ní gbogbo ìsọ̀ aránṣọ náà ló hó yèè.

Góòlù yẹn ló kọ́ ọ ní ìkọ́kúkọ̀ọ́. Láti ìgbà náà, bí wọ́n bá pè é kí ó wá jókòó, a fi díẹ̀ kún un. Lẹ́yìn díẹ̀, díẹ̀ náà di púpọ̀.

Ọkùnrin onírùngbọ̀n pupa kan wà lórí bẹ́ǹṣì tó jẹ́ pé òun ló ń rọ́pò rẹ̀. Yóò gbé ẹsẹ̀ kan lé orí ògiri, yóò máa dúró de ìgbà tí Àkànjí yóò dé. Ó dúró títí ẹsẹ̀ náà fi ń ro ó.

“Ọ̀gá,” ó ní lọ́jọ́ kan, “ṣé o ti ra yìnyín yẹn ni? Bó bá jẹ́ tìrẹ ni, fi díẹ̀ háyà fún wa.”

“Mo ṣì lágbára.”

“Mo rí i. Ò ń sáré bí ẹni tó ru sìmẹ́ńtì.”

Àwọn yòókù rẹ́rìn-ín. Àkànjí ń wo òkè, níbi tí súwẹ́tà mẹ́ta àti búláńkẹ́ẹ̀tì kan wà.

Ó wá ku eré méjì kí ìdíje ọdún yẹn parí. Bí wọ́n bá borí nínú ọ̀kan péré, wọn yóò wọ ìpele tí wọ́n ti ń du ife ẹ̀yẹ. Nínú èkíní, àwọn ni wọ́n ń borí títí ó fi kù díẹ̀. Àkànjí wà lórí yìnyín. Wọ́n pè é, kò lọ. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti di igi. Ọ̀kan nínú àwọn tí wọ́n ń bá ṣeré gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá bí èèyàn ṣe ń kọjá lára òpó iná, ó sì gbá rọ́bà wọ àwọ̀n. Ó di ọ̀mì. Àkànjí ní òun kò ní lọ jókòó pẹ̀lú irú ẹ̀gàn yẹn, ó fẹ́ tún un ṣe. Onírùngbọ̀n pupa kò lè dúró mọ́. Ó fò wọlé. Àwọn méjèèjì wà níbẹ̀ pọ̀, rẹfirí fọn fèrè, wọ́n yọ ẹnìkan kúrò nínú ikọ̀ wọn fún ìyà, àwọn tí wọ́n ń bá ṣeré sì tún jẹ góòlù mìíràn sínú àwọ̀n wọn kí ìyà náà tó tán. Báyìí ni wọ́n ṣe pàdánù.

Wọ́n gbé ìjà náà dé yàrá ìmúra.

“Kí ló dé tí o fi wọlé? Mi ò tíì jáde!”

“Ìgbà wo lo wá fẹ́ jáde? Ṣé ó di ọdún Àjíǹde?”

Akọ́nimọ̀ọ́gbá kò pariwo. Kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó ní kí Àkànjí wá, ó ti ilẹ̀kùn.

“O kì í ṣe báyìí tẹ́lẹ̀. Kí ló ṣẹlẹ̀ sí ọ?”

Àkànjí ń wo ilẹ̀. “Ìyá mi ni.”

“Ṣé ara rẹ̀ kò yá ni?”

“Ara rẹ̀ yá. Ó rò pé ẹ̀ ń fìyà jẹ mí ni.”

Ọkùnrin oníkóòtù náà rẹ́rìn-ín títí ó fi yọ jígí ojú rẹ̀, tó ń nu omijé. Nígbà tó ṣe, ó fi jígí náà sójú padà.

“Gbọ́ mi. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo la máa ń jẹ́ kí èèyàn dá wà lórí yìnyín. Ọjọ́ àkọ́kọ́ rẹ̀ ni, a sì fi ń ṣàwàdà ni. O ti ṣe tìrẹ. Bí o bá tún pẹ́ jù nínú eré tó kù yìí, orí bẹ́ǹṣì ni wàá wà títí yóò fi parí, mi ò sì ní ní àyè fún ọ lọ́dún tó ń bọ̀.” Ó dìde. “Mú ìyá rẹ wá síbi ìdánrawò lọ́la.”

Ìyá náà wá. Ó ti múra ohun tí yóò sọ fún ọkùnrin oníkóòtù náà sílẹ̀, ó sì ti ní kí ìyàwó ọmọ rẹ̀ kọ́ òun bí òun yóò ṣe sọ ọ́ lédè wọn. Kò ráyè sọ ọ́. Bó ṣe dé, ọkùnrin náà tẹ orí ba fún un, ó gbé àga fún un lẹ́bàá ilẹ̀kùn kékeré, ó sì fi akoto dé e lórí kí rọ́bà má bàa bà á. Ó ní kí Àkànjí bá òun sọ fún un pé ìyá náà ni yóò máa ṣí ilẹ̀kùn. Bí ẹnìkan bá ń bọ̀, kí ó ṣí i. Bí ẹnìkan bá wọlé tán, kí ó tì í.

“Iṣẹ́ nìyẹn?” ìyá náà bi í.

“Iṣẹ́ ni, Màmá.”

“Kò burú.” Ó di ilẹ̀kùn mú.

Wọ́n bẹ̀rẹ̀. Láti òkè, ohun tí ìyá náà máa ń rí ni àwọn ọkùnrin tó ń yọ̀ lọ bọ̀ bí ẹyẹ. Níbi tó wà báyìí, ó ń gbọ́ bí irin ṣe ń họ yìnyín, ó ń gbọ́ bí èjìká ṣe ń kọ lu ògiri, ògiri náà sì ń mì. Ẹni àkọ́kọ́ sáré bọ̀. Ó ṣílẹ̀kùn fún un. Ẹnu ọkùnrin náà là, kò lè pa á dé. Ó bọ́ akoto, èéfín sì ń rú láti orí rẹ̀ bí ìkòkò tí wọ́n ṣí ìdérí rẹ̀. Ẹnìkejì dé, bákan náà. Ẹnìkẹta tilẹ̀ dorí kodò láàárín orúnkún rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni Àkànjí dé. Orúnkún rẹ̀ ń gbọ̀n. Àyà rẹ̀ ń lọ sókè sódò bí ẹwìrì alágbẹ̀dẹ. Òógùn ń kán láti àgbọ̀n rẹ̀ sórí bàtà.

“Yéè! Àkànjí! Ṣé báyìí lo ṣe ń rí lójoojúmọ́?”

Ó mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Kò lè sọ̀rọ̀.

“O wá ní o ò fẹ́ jókòó? Àbí orí rẹ dàrú ni? Ta ló ní kí o máa dúró síbẹ̀?”

Nígbà tí èémí rẹ̀ bọ̀ sípò díẹ̀, ó ní: “Ẹ̀yin ni, Màmá.”

Ìyá náà fi ọwọ́ gbá a léjìká, ó bú sẹ́rìn-ín.

“Èmi? Òkè lọ́hùn-ún ni mo wà! Báwo ni mo ṣe fẹ́ gbọ́ èémí rẹ láti òkè?”

Ó fún un lómi. Ó ń wò ó bí ojú rẹ̀ ṣe ń padà bọ̀ sípò. Láìpẹ́, ó tún kàn án láti jáde. Àkànjí dìde. Ìyá rẹ̀ di ilẹ̀kùn mú gírígírí.

“O ò tíì sinmi tó.”

“Màmá, ẹ ṣílẹ̀kùn. Ó ti kàn mí.”

“Mo ní o ò tíì sinmi tó! Sọ fún oníkóòtù pé mo wí bẹ́ẹ̀.”

Ìdánrawò dúró. Gbogbo wọn ń rẹ́rìn-ín, títí kan aṣọ́lé tó di ara rẹ̀ bíi mátíràsì. Àkànjí fi ọwọ́ kan lé orí ògiri, ó fò ó kọjá. Ìyá rẹ̀ wò ó bó ṣe lọ. Ó lọ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí lójú oorun tó dára. Ẹni tó ń gbọ̀n lẹ́ẹ̀kan kọ́ nìyẹn mọ́. Ìgbà yẹn ló yé e.

Onírùngbọ̀n pupa wọlé, ó wó sórí bẹ́ǹṣì. Ìyá náà gbé omi fún un, ó sì fi etí búláńkẹ́ẹ̀tì nu irùngbọ̀n rẹ̀.

“Ìwọ lo máa ń gbé ẹsẹ̀ lé ògiri dè é? Pẹ̀lẹ́, ọkọ mi. Màá bá ọ bá a wí.”

Ọkùnrin náà kò gbọ́ ohun tó sọ, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ dùn. Láti ọjọ́ náà lòun náà ti ń pè é ní Màmá.

Ọjọ́ eré tó kù pé. Gbọ̀ngàn kún. Ìyá náà kò gbà kí wọ́n fi òun sókè mọ́, ẹ̀yìn bẹ́ǹṣì gan-an ló ní òun fẹ́ jókòó sí. Ní Ìgbẹ́tì, wọ́n gbé fóònù kan sórí tábìlì ìránṣọ, gbogbo wọn sì rọ̀gbà yí i ká.

Àkànjí ń jáde, ó ń wọlé, bó ṣe yẹ. Kò sí ẹni tó pè é lẹ́ẹ̀mejì. Ṣùgbọ́n eré náà le. Ó kù díẹ̀ kó parí, ọ̀mì ni, góòlù ẹnìkan kò ju ti ẹnìkejì lọ. Ìgbà náà ni rọ́bà bọ́ sí Àkànjí lọ́wọ́ láàárín pápá. Ó gbójú sókè. Ọ̀nà ṣí díẹ̀ níwájú rẹ̀. Gbogbo gbọ̀ngàn dìde, wọ́n ń kígbe pé kó máa lọ.

Àkókò rẹ̀ ti pé. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti wúwo. Ó ṣeé ṣe kí ó dé ibi àwọ̀n. Ó sì ṣeé ṣe kí wọ́n gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́nà bíi ti ọjọ́ sí. Ó rántí tábìlì ìránṣọ tó wà ní Ìgbẹ́tì. Ó rántí ọ̀rọ̀ akọ́nimọ̀ọ́gbá. Gbogbo rẹ̀ wá sọ́kàn rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, èrò sì ń pariwo lórí rẹ̀.

Ohùn kan la ariwo náà já, Yorùbá ló sì ń sọ.

“Àkànjí o! Wá jókòó! Wá jókòó, ọkọ mi!”

Ó rẹ́rìn-ín nínú akoto rẹ̀. Ó gbá rọ́bà náà lọ sí igun pápá lọ́hùn-ún, lẹ́yìn àwọn tí wọ́n ń bá ṣeré, ó yí padà, ó forí lé bẹ́ǹṣì. Àwọn èrò kan kùn. Bí ọwọ́ rẹ̀ ṣe kan ògiri báyìí ni onírùngbọ̀n pupa fò ó kọjá, ara rẹ̀ dá, ẹsẹ̀ rẹ̀ fúyẹ́. Ó sáré kọjá àwọn tó ti rẹ̀, ó kọ́kọ́ dé igun náà, ó gbé rọ́bà yí ẹ̀yìn àwọ̀n ká, ó sì tì í wọlé lábẹ́ ẹsẹ̀ aṣọ́lé wọn.

Omi wà lẹ́nu Àkànjí nígbà tí góòlù náà wọlé. Ó tu gbogbo rẹ̀ sára ẹni tó jókòó tì í, ó gbá a mọ́ra.

Lẹ́yìn bẹ́ǹṣì, ìyá rẹ̀ ń jó. Búláńkẹ́ẹ̀tì ti fò lọ. Obìnrin kan tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ béèrè nǹkan, ìyàwó ọmọ rẹ̀ sì túmọ̀ rẹ̀ fún un.

“Màmá, ó ní ṣé ọmọ yín ló gbá a wọlé?”

“Rárá o,” ìyá náà dáhùn. Ó nàka sí bẹ́ǹṣì, ó na àyà. “Ọmọ mi ni ẹni tó jókòó yẹn.”

Nígbà tí àwọn ará Ìgbẹ́tì pè é, ohun àkọ́kọ́ tó bi wọ́n ni pé: “Ṣé ẹ rí bó ṣe jókòó?”

Wọn kò gba ife ẹ̀yẹ lọ́dún yẹn. Ikọ̀ tó lágbára jù wọ́n lọ ló gbà á. Ṣùgbọ́n àyè Àkànjí kò bọ́, òun àti onírùngbọ̀n pupa sì jùmọ̀ gbá eré fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọ̀kan ń wọlé, ọ̀kan ń jáde. Nígbà tí orúnkún rẹ̀ wá dàgbà, ó fi eré sílẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rín, àlàfo eyín rẹ̀ sì hàn bí ti ọjọ́ àkọ́kọ́.

Àbúrò mi, ìwọ ni mo ṣe àkàwé yìí fún.

Láti ìgbà tí apá àti ẹsẹ̀ ọ̀tún ọkọ rẹ kò ti ṣiṣẹ́ mọ́, o ò tíì sùn dáadáa. Ìwọ lò ń wẹ̀ ẹ́. Ìwọ lò ń fún un lóúnjẹ. Ìwọ lò ń yí i padà lórí ibùsùn. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, àbúrò ọkọ rẹ obìnrin gbé báàgì rẹ̀ wá láti Ṣakí kí ó lè ràn ọ́ lọ́wọ́. O fún un lóúnjẹ, o dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, o ní kí ó máa padà lọ, pé kò sí wàhálà. Mo wà níbẹ̀, mo sì rí ojú rẹ̀. Ó ti gbé ẹsẹ̀ lé ògiri, àbúrò mi, ó ń dúró dè ọ́. Kò sì lè wọlé bí o kò bá jáde.

Mo mọ̀ pé ò ń bẹ̀rù ohun tí wọn yóò wí. Wọn yóò ní ìtọ́jú ọkọ ti sú obìnrin yìí, ó ti gbé e fún ẹlòmíràn. Òkè ni wọ́n jókòó sí. Wọn kò gbọ́ èémí rẹ. Èmi gbọ́ ọ lánàá, nígbà tí ò ń gbé garawa omi gòkè àtẹ̀gùn.

Nígbà tí ìyàwó mi wà lórí àìsàn, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin a máa wá lọ́sàn-án, a sì ní kí n lọ sùn. Mo máa ń lọ. Nítorí náà, bí ilẹ̀ bá ṣú, mo máa ń lágbára láti sọ ọ̀rọ̀ tí yóò pa á lẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ló kù sí mi lọ́wọ́ báyìí. Ó dára púpọ̀.

Pe àbúrò ọkọ rẹ yẹn lónìí. Fi bí ọkọ rẹ ṣe ń lo oògùn rẹ̀ hàn án, àti ẹ̀gbẹ́ tó fẹ́ràn láti fi sùn. Lẹ́yìn náà, wọ yàrá kejì, ti ilẹ̀kùn, kí o sùn. Bí o bá jí, yóò tún kàn ọ́, ara rẹ yóò sì dá láti lọ. Bí ẹnikẹ́ni bá sì béèrè lọ́wọ́ mi pé ibo lo wà, mo ti mọ ohun tí màá sọ. Màá nàka sí fèrèsé rẹ, màá ní àbúrò mi ni ẹni tó ń sinmi yẹn.